Agbára Lọ́wọ́ Ènìyàn, Ènìyàn Lọ́wọ́ Agbára

Ojú eré ọmọdé ni ọ̀pọ̀lọpọ̀ nínú àwa àgbà fi ń wo àwọn ìwé ìtàn aláwòrán àti àwọn sinimá tí ń sọ ìtàn àwọn akọni alágbára ilẹ̀ Amẹ́ríkà. Bí a bá bá ọmọ nídìí wọn, a ó wí fún un pé kí ó dìde kí ó lọ wá ohun gidi ṣe. Èmi náà ti wí bẹ́ẹ̀ nígbà púpọ̀. Ṣùgbọ́n ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ọmọ kan tí kò tíì pé ọdún méjìlá bi mí ní ìbéèrè kan tí ó mú kí n fa àga jókòó tì í títí sinimá náà fi parí. Ó ń wo òṣìkà kan tí ó wọ ìbọ̀wọ́ irin tí a to òkúta iyebíye mẹ́fà sí lára. Ó yíjú sí mi, ó ní, "Bàbá, bí ẹni rere bá gba ìbọ̀wọ́ yẹn, tí ó sì wọ̀ ọ́, ṣé òun náà yóò di ẹni burúkú?" Èmi kò rí èsì fún un lójú kan náà. Láti ìgbà náà ni mo ti ń ro ọ̀rọ̀ náà, ohun tí mo sì rí nínú rẹ̀ ni mo fẹ́ gbé ka iwájú yín.

Ìbéèrè ọmọ náà kì í ṣe ti ọmọdé rárá. Níbo ni ibi ń gbé? Ṣé nínú ohun agbára fúnra rẹ̀ ni, tí ó fi jẹ́ pé ẹnikẹ́ni tí ó bá fi ọwọ́ kàn án yóò bàjẹ́? Tàbí nínú ọkàn ẹni tí ó dì í mú ni, tí ó fi jẹ́ pé ohun kan náà yóò jẹ́ ìrànlọ́wọ́ lọ́wọ́ Táíwò, tí yóò sì jẹ́ ìparun lọ́wọ́ Kẹ́hìndé? Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti àwọn tí ń fò lójú sánmà nìkan. Ó kan olúkúlùkù ẹni tí a ti fi kọ́kọ́rọ́ àpótí owó lé lọ́wọ́ rí, ẹni tí a fi ṣe olórí ẹgbẹ́, ẹni tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ jẹ́ àṣẹ nínú ilé, àti ẹni tí kálámù rẹ̀ lè gbé orúkọ ẹlòmíràn ga tàbí kí ó rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo àwọn ọ̀tá tí ń fi ilẹ̀, omi, iná àti afẹ́fẹ́ jà, nítorí wọ́n pọ̀ nínú àwọn ìtàn wọ̀nyí. Èrò pé ohun mẹ́rin yìí ni ìpilẹ̀ ohun gbogbo ti pẹ́ ní ayé. Ní ọgọ́rùn-ún ọdún karùn-ún ṣáájú ìbí Kristi, ọlọ́gbọ́n ará Gíríìkì kan tí ń jẹ́ Empedocles, ọmọ ìlú Acragas ní erékùṣù Sicily, kọ́ni pé gbòǹgbò mẹ́rin ni ayé ní. Ó ní Ìfẹ́ ni ó ń so wọ́n pọ̀, Ìjà ni ó sì ń tú wọn ká. Ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ ti kọjá ibẹ̀ tipẹ́tipẹ́. Lónìí a mọ̀ pé àwọn ohun ìpilẹ̀ ju ọgọ́rùn-ún lọ, iná kò sì sí lára wọn. Ṣùgbọ́n àwọn tí ń kọ ìwé ìtàn aláwòrán kò jẹ́ kí èrò àtijọ́ náà kú, nítorí kò sí ọmọ tí kò mọ ohun tí iná lè ṣe, tàbí tí kò tíì rí bí àgbàrá òjò ti ń gbé ilẹ̀ lọ.

Ní ọdún 1961, Stan Lee àti Jack Kirby ti ilé ìtẹ̀wé Marvel gbé ìtàn ènìyàn mẹ́rin kan jáde. Àwọn mẹ́rin yìí wọ ọkọ̀ lọ sí òfuurufú, ìtànṣán àjèjì sì yí ara wọn padà. Ọ̀kan nínú wọn di ẹni tí gbogbo ara rẹ̀ ń gbiná tí kì í sì í jóná. Òmíràn di ẹni tí ara rẹ̀ le bí àpáta. Akọni ni wọ́n, àwọn ará ìlú ni wọ́n sì ń gbà là. Ní ọdún 1963, Stan Lee kan náà pẹ̀lú Steve Ditko gbé ọ̀daràn kan jáde nínú ìtàn Spider-Man, ẹni tí ara rẹ̀ di iyanrìn. Ṣáájú èyí, ní ọdún 1959, ilé ìtẹ̀wé DC ti gbé ọkùnrin kan dìde sí Batman, tí ń fi ìbọn yìnyín jà. Mr. Zero ni a kọ́kọ́ pè é. Lẹ́yìn náà ni a wá mọ̀ ọ́n sí Mr. Freeze.

Bí a bá dúró níbí, ìdáhùn yóò dàbí ohun tí ó rọrùn. Iná kan náà tí a fi ń se oúnjẹ ni ó ń jó ilé. Akọni kan jẹ́ iná, ọ̀tá kan jẹ́ iyanrìn, kò sì sí ẹni tí ó lè wí pé iyanrìn burú ju iná lọ. A lè wí nígbà náà pé ọwọ́ ni ó burú, pé kò sí ẹ̀bi lọ́rùn ohun èlò. Ìdáhùn yìí ni púpọ̀ nínú wa máa ń fún ara wa, nítorí pé ó tù wá nínú: bí ọwọ́ mi bá mọ́, kí ni mo ní í bẹ̀rù? Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a wo bí àwọn ọ̀tá wọ̀nyí ti di ọ̀tá.

Nínú sinimá Spider-Man kẹta, tí ó jáde ní ọdún 2007, ẹlẹ́wọ̀n tí ó sá kúrò ní túbú ni ọkùnrin iyanrìn náà. Ó ní ọmọbìnrin kékeré kan tí ń ṣàìsàn, owó ìtọ́jú ọmọ náà ni ó sì ń wá kiri tí ó fi ń jalè. Nígbà tí àwọn ọlọ́pàá ń lé e, ó já sí kòtò kan níbi tí àwọn onímọ̀ ìjìnlẹ̀ ti ń ṣe ìdánwò, ara rẹ̀ sì túká di iyanrìn. Nígbà tí ó ń gbìyànjú láti dìde, ó na ọwọ́ sí ẹ̀gbà ọrùn tí ó ní àwòrán ọmọ rẹ̀ nínú, ṣùgbọ́n ọwọ́ náà fọ́ sílẹ̀ kí ó tó lè mú un. Ó tún ara rẹ̀ kó jọ, ó tún na ọwọ́, títí ó fi dì í mú. Bákan náà ni Mr. Freeze. Nínú eré aláwòrán Batman ti ọdún 1992, a fi hàn wá pé onímọ̀ ìjìnlẹ̀ ni, aya rẹ̀ Nora ní àìsàn tí kò gbóògùn, ó sì tọ́jú rẹ̀ pamọ́ sínú òtútù títí a ó fi rí ìwòsàn. Ọ̀gá ilé iṣẹ́ tí ó ń bá ṣiṣẹ́ wá dá iṣẹ́ náà dúró nítorí owó. Nínú ìjàkadì wọn, oògùn olóró dà sí onímọ̀ náà lára, kò sì lè gbé níbi tí ooru wà mọ́.

Ẹ kíyè sí i pé ìfẹ́ ni ó bẹ̀rẹ̀ ìtàn méjèèjì. Kì í ṣe ìkà ni ó kọ́kọ́ wà lọ́kàn baba tí ń wá owó ìtọ́jú ọmọ rẹ̀, kì í sì í ṣe ìkà ni ó mú ọkọ jókòó ti aya rẹ̀ nínú òtútù. Níbo ni ó ti wọ́ wá? Mo rò pé ó wọ́ níbi tí ohun kan ti gba gbogbo ọkàn wọn. Ènìyàn tí ó pé, àdàlù ni. Àánú wà nínú rẹ̀ bí ìbínú ti wà; ìfẹ́ ilé rẹ̀ wà níbẹ̀, ìtìjú níwájú aládùúgbò sì wà níbẹ̀ pẹ̀lú; ọ̀kan ń dá èkejì lẹ́kun. Ẹni tí ó jẹ́ yìnyín látòkè délẹ̀ kò ní ohun tí yóò dá yìnyín rẹ̀ lẹ́kun. Baba náà ń rí ọmọ tirẹ̀ kedere, kò sì rí ọmọ ẹni tí ó jà lólè. Agbára tí ó dé bá wọn kò dá ọ̀kanjúwà sílẹ̀ níbi tí kò sí. Ohun tí ó ṣe ni pé ó sọ ohun kan tí ó wà nínú wọn di ńlá títí tí kò fi sí àyè fún àwọn ìyókù. Èyí ni Empedocles ìbá pè ní iṣẹ́ Ìjà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ìfẹ́ ni a fi bẹ̀rẹ̀.

Nísinsìnyí ẹ jẹ́ kí a padà sí ìbọ̀wọ́ tí ọmọ náà béèrè. Jim Starlin ni ó kọ ìwé The Infinity Gauntlet ní ọdún 1991, nínú èyí tí Thanos fi òkúta mẹ́fà pa ìdajì ohun alààyè láti fi wu Ikú, ẹni tí ọkàn rẹ̀ fẹ́. Nígbà tí a ṣe sinimá rẹ̀ ní ọdún 2018, a yí ìdí náà padà. Thanos ti sinimá kì í ṣe ẹni tí ń ké ramúramù. Ó ń fi pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ sọ̀rọ̀ bí ẹni tí ó ti rò ó dé òpin. Ó ní ìlú ìbí òun, Titan, parun nítorí pé ẹnu pọ̀ ju oúnjẹ lọ. Ó ní òun ti dámọ̀ràn pé kí a ṣẹ́ gègé kí a sì pa ìdajì ènìyàn láìwo olówó tàbí tálákà, ṣùgbọ́n wọ́n pè òun ní wèrè. Nítorí náà ni ó ṣe ń wá òkúta àyè, ti ìrònú, ti ohun tí ó wà, ti agbára, ti ẹ̀mí àti ti àkókò. Láti gba òkúta ẹ̀mí, ó ju Gamora, ọmọbìnrin tí ó gbà tọ́, sí ìsàlẹ̀ ọ̀gbun. Ó sunkún bí ó ti ń ṣe é, ẹkún náà kì í sì í ṣe ti ẹ̀tàn.

Àwọn ọ̀dọ́ wa máa ń béèrè pé, bí òkúta wọ̀nyí bá lè yí ohun gbogbo padà, kí ló dé tí Thanos kò sọ oúnjẹ di ìlọ́po méjì? Ìbéèrè rere ni, mo sì gbà pé ọkàn ìtàn náà ni wọ́n fọwọ́ kàn. Ó ti di ìdáhùn rẹ̀ mú kí ó tó rí agbára. Ìbọ̀wọ́ náà kò fún un ní èrò tuntun kan. Ìdènà tí ó wà níwájú èrò àtijọ́ ni ó mú kúrò. Ní Titan, ó ní láti yí àwọn ènìyàn lọ́kàn padà, wọ́n sì lè wí fún un pé rárá. Ní ọjọ́ tí ó wọ ìbọ̀wọ́, kò sí ẹni tí ó lè wí pé rárá mọ́. Àwọn àgbà ní, ẹni tí a bá fi orí rẹ̀ fọ́ àgbọn kì í jẹ níbẹ̀. Orí ìdajì ayé ni Thanos fi fọ́ àgbọn rẹ̀, kò sì bi ẹyọ ẹnì kan nínú wọn léèrè.

Ọmọ tí ó bi mí ní ìbéèrè kò mọ̀ pé ó ti lé ní 2,300 ọdún tí a ti béèrè rẹ̀. Nínú apá kejì ìwé Republic tí Plato kọ, Glaucon sọ ìtàn darandaran kan ní ilẹ̀ Lydia. Ilẹ̀ mì, ó sì là. Ọkùnrin náà sọ̀kalẹ̀ lọ, ó rí òrùka kan lọ́wọ́ òkú. Bí ó bá yí ojú òrùka náà sínú, ẹnikẹ́ni kì í rí i mọ́. Kò pẹ́ tí ó fi fa ayaba mọ́ra, tí ó pa ọba, tí ó sì gba ìjọba. Glaucon wá ní, ẹ fún olóòótọ́ ní irú òrùka yìí kan, kí ẹ fún aláìṣòótọ́ ní òmíràn, ọ̀nà kan náà ni àwọn méjèèjì yóò tọ̀. Ohun tí ó ń wí ni pé ìbẹ̀rù ojú ènìyàn ni ó ń jẹ́ kí a ṣe rere, pé bí ojú bá ti kúrò, rere ti parí. Sókrátíìsì kò gbà fún un. Ó fi ìyókù ìwé náà ṣàlàyé pé ọkàn tí ó wà létòlétò kò ní í fẹ́ ohun tí òrùka náà ń tà, àti pé ẹni tí ó bá lò ó bẹ́ẹ̀ ti ba ara tirẹ̀ jẹ́ kí ó tó ba ti ẹlòmíràn jẹ́.

Àwọn baba wa náà kò ṣàìmọ̀ nípa èyí. Nínú ìwé ìtàn Yorùbá tí Àlùfáà Samuel Johnson kọ, tí a tẹ̀ jáde ní ọdún 1921, a kà pé Ọba Ṣàngó ní ohun kan tí ó fi lè pe mànàmáná, ó sì dán an wò láti mọ̀ bóyá yóò jẹ́. Ó jẹ́ nítòótọ́, ṣùgbọ́n ààfin òun tìkára rẹ̀ ni àrá náà bọ́ lé, àwọn aya àti àwọn ọmọ rẹ̀ sì ṣègbé nínú iná náà. A máa ń wí pé ilé ọba tí ó jó, ẹwà ni ó bù sí i. Ilé yìí kò rí bẹ́ẹ̀, nítorí àwọn ará inú rẹ̀ bá a lọ. Ṣàngó kò bínú sí ilé rẹ̀ ní ọjọ́ náà. Ó kàn fẹ́ rí bí agbára rẹ̀ ti pọ̀ tó ni. Nítorí èyí ni n kò fi lè gbà pé ohun agbára kò ní ẹ̀bi kankan. Ó ní ohun tí ó máa ń wí sí ẹni tí ó dì í mú létí: dán mi wò. Alágbára má mèrò ni baba ọ̀lẹ, bẹ́ẹ̀ ni a wí. Ọ̀lẹ a máa pàdánù, ṣùgbọ́n alágbára tí kò mèrò a máa mú ẹlòmíràn pàdánù pẹ̀lú rẹ̀.

Nígbà náà, ṣé kí a wí pé kí ènìyàn ju agbára nù ni, kí ó lè bọ́? Sinimá Spider-Man: Far From Home, ti ọdún 2019, dá wa lóhùn lọ́nà tí ó yà mí lẹ́nu. Níbẹ̀, àwọn abàmì tí a fi ilẹ̀, omi àti iná mọ ń ba àwọn ìlú jẹ́. Ti omi dìde ní Venice, ti iná dìde ní Prague. Ọkùnrin kan tí à ń pè ní Mysterio ń bá wọn jà, ó sì ń ṣẹ́gun. Gbogbo ènìyàn ń yìn ín. Lẹ́yìn náà ni a wá mọ̀ pé kò sí abàmì kankan. Àwòrán ni wọ́n, tí àwọn ọkọ̀ òfuurufú kékeré tí kò ní awakọ̀ ń tàn sójú òfuurufú. Ọkùnrin náà, Quentin Beck, ti jẹ́ òṣìṣẹ́ Tony Stark rí; wọ́n lé e, inú sì bí i pé a kò mọ iyì òun. Nítorí náà ni ó ṣe dá ewu sílẹ̀ kí ó lè di olùgbàlà. Àwòrán ni iná náà, ṣùgbọ́n ọta ìbọn tí ń jáde láti inú rẹ̀ kì í ṣe àwòrán, àwọn ilé tí ó wó sì wó nítòótọ́.

Ohun agbára kan wà nínú ìtàn yìí pẹ̀lú. Kí Stark tó kú, ó fi awò ojú kan sílẹ̀ fún Peter Parker, ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún, ẹni tí í ṣe Spider-Man. Ẹni tí ó bá wọ awò náà lè pàṣẹ fún àwọn ohun ìjà tí ó wà lókè ní òfuurufú. Ìgbà tí Peter kọ́kọ́ lò ó, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ pa ọmọ kíláàsì rẹ̀ kan nípa àṣìṣe. Ẹ̀rù bà á. Ó fẹ́ máa bá àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ rìn ìrìn àjò rẹ̀ ní àlàáfíà bí ọmọ ẹlòmíràn. Nítorí náà, ní Prague, ó bọ́ awò náà fún Beck, ẹni tí ó jọ àgbà, tí ó ń sọ̀rọ̀ bí àgbà, tí ó sì ti fi ara hàn bí akọni. Inú Peter dùn bí ẹni tí a sọ ẹrù rẹ̀ kalẹ̀. Àwa tí ń wò mọ̀ pé kò sọ ẹrù náà kalẹ̀. Ó kàn gbé e lé orí gbogbo ayé ni.

Ẹ̀kọ́ ńlá ni èyí jẹ́ fún àwa tí a fẹ́ràn láti máa wí pé, "Mi ò fẹ́ wàhálà, ẹ wá ẹlòmíràn." Kì í ṣe gbogbo ẹni tí ó kọ ipò ni ó ní ìrẹ̀lẹ̀. Ẹlòmíràn kọ̀ ọ́ nítorí ìrọ̀rùn ara rẹ̀, kò sì béèrè ẹni tí yóò gbà á lẹ́yìn òun. Bí Beck ti ṣẹ̀ nípa fífi ipá wá agbára tí a kò fi fún un, bẹ́ẹ̀ náà ni Peter ṣẹ̀ nípa fífi ìkánjú bọ́ èyí tí a fi fún un. Ó kú sí ọwọ́ tirẹ̀ láti lọ gbà á padà. Ní Lọ́ńdọ̀nù, lórí afárá Tower Bridge, ọta ìbọn láti inú ohun ìjà Beck gan-an ni ó pa á, Peter sì gba awò ojú náà. Síbẹ̀, irọ́ Beck kò bá a kú. Àwòrán kan tí wọ́n ti yí padà jáde lẹ́yìn ikú rẹ̀, ó sì fi ẹ̀sùn ìpànìyàn kan Peter níwájú gbogbo ayé.

Ohun ìkẹyìn tí mo fẹ́ kí a wò ni òòlù Thor. Láti inú ìtàn àtijọ́ àwọn ará ìhà àríwá Yúróòpù ni Thor, ọlọ́run àrá, ti wá. Ilé ìtẹ̀wé Marvel sì mú un wọ inú ìwé wọn ní ọdún 1962. Nínú ìwé náà, a ti fi ọ̀rọ̀ dè òòlù náà pé ẹni tí ó bá yẹ nìkan ni yóò lè gbé e. Nínú sinimá ti ọdún 2011, Thor fi ìgbéraga wọ ilẹ̀ àwọn ọ̀tá, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ dá ogun sílẹ̀. Baba rẹ̀ gba agbára rẹ̀, ó sì lé e wá sí ayé. Ó ja ìjà kọjá àwọn ẹ̀ṣọ́ títí ó fi dé ìdí òòlù rẹ̀; ó fà á, kò mì. Ó kúnlẹ̀ sínú ẹrẹ̀ nínú òjò. Nígbà tí òòlù náà tún padà tọ̀ ọ́ wá, kì í ṣe pé apá rẹ̀ ti le sí i. Ìlú kékeré kan wà nínú ewu, ó sì jáde lọ pẹ̀lú ọwọ́ òfìfo láti bẹ̀bẹ̀ pé kí a gba ẹ̀mí òun kí a sì dá àwọn ará ìlú náà sí.

Èyí tí ó wọ̀ mí lọ́kàn jù ni pé nínú sinimá ti ọdún 2015, àwọn akọni ń ṣeré, wọ́n ń fa òòlù náà lọ́kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí ó kan Captain America, òòlù náà mì díẹ̀, ẹ̀rín sì kúrò ní ojú Thor. Ní ọdún 2019, nínú ìjà ìkẹyìn, Captain America gbé òòlù kan náà nílẹ̀ pátápátá, inú Thor sì dùn. Láàárín ọdún mẹ́rin yẹn ni ọkùnrin náà tó dàgbà. Ẹni tí ojú rẹ̀ bá rẹ̀wẹ̀sì nítorí pé ẹlòmíràn lè ṣe iṣẹ́ tí òun ń ṣe, agbára ni ó ń gbé irú ẹni bẹ́ẹ̀ kiri, kì í ṣe òun ni ó ń gbé agbára.

Ẹnì kan lè wí pé Thanos pẹ̀lú sọ agbára kalẹ̀. Òtítọ́ ni, nínú sinimá ti ọdún 2019 kan náà, a gbọ́ pé ó fi òkúta mẹ́fẹ̀ẹ̀fà pa ara wọn run lẹ́yìn tí ó parí iṣẹ́ rẹ̀, ó sì lọ ń dá oko jẹ́jẹ́. Ṣùgbọ́n ìdí tí ó fi pa wọ́n run ni pé kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni lè tún ohun tí ó bàjẹ́ ṣe. Ẹni tí ó ti ilẹ̀kùn, tí ó sì ju kọ́kọ́rọ́ sínú òkun, kò dá kọ́kọ́rọ́ padà fún onílé.

Mo wá lè dá ọmọ náà lóhùn wàyí. Ẹni rere wọ òkúta wọ̀nyí nítòótọ́, nínú sinimá ti ọdún 2019 náà. Hulk wọ̀ wọ́n láti pe àwọn tí ó ti ṣègbé padà, apá rẹ̀ sì jóná. Tony Stark wọ̀ wọ́n ní ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo, ó fi pa ogun náà rẹ́, ó sì kú. Captain America kó wọn padà sí ibi tí a ti yá wọn, ọ̀kọ̀ọ̀kan sí àkókò tirẹ̀. Ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín wọn àti Thanos ni èyí: ọmọ rẹ̀ àti ìdajì ayé ni Thanos fi san owó agbára rẹ̀, àwọn wọ̀nyí fi ara tiwọn san án, wọ́n sì dá a padà. Nítorí náà, ọmọ mi, ìbọ̀wọ́ náà kì í sọ ẹni rere di burúkú ní wéré. Ṣùgbọ́n yóò bẹ̀ ẹ́ lójoojúmọ́ pé kí ó má ṣe bọ́ òun, ọjọ́ tí ó bá sì gbà, ó ti bẹ̀rẹ̀.

Ẹ̀yin ará, kò sí òkúta mẹ́fà lọ́wọ́ wa, kò sì sí òòlù àrá. Ṣùgbọ́n kọ́kọ́rọ́ àpótí ẹgbẹ́ wà lọ́wọ́ ẹnì kan nínú wa tí ó ti dì í mú fún ọ̀pọ̀ ọdún láìsí ìṣirò. Ìwé orúkọ wà lọ́wọ́ ẹnì kan tí ó lè fi orúkọ kan sílẹ̀ láìkọ. Ẹ̀rọ ìbánisọ̀rọ̀ wà lọ́wọ́ fẹ́rẹ̀ẹ́ gbogbo wa, nípa èyí tí àwòrán kan tí a yí padà lè ba orúkọ aládùúgbò jẹ́ kí ilẹ̀ ọ̀la tó mọ́, gẹ́gẹ́ bí Beck ti ṣe. Kí olúkúlùkù bi ara rẹ̀ ní ìbéèrè mẹ́ta nípa ohun tí ó wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ta ni ń san owó rẹ̀, èmi ni tàbí ẹlòmíràn? Ta ni ó wà níbẹ̀ tí ó lè wí fún mi pé rárá, tí èmi yóò sì gbọ́? Bí a bá ní kí n dá a padà ní ọ̀la fún ẹni tí ó yẹ, ṣé ọwọ́ mi yóò ṣí?

Bí ẹ bá sì tún bá àwọn ọmọ yín nídìí irú sinimá bẹ́ẹ̀, ẹ má ṣe yára lé wọn dìde. Ẹ jókòó tì wọ́n, kí ẹ bi wọ́n pé ta ni wọ́n rò pé ó yẹ kí ó gbé òòlù náà, àti nítorí kí ni. Ìdáhùn wọn lè yà yín lẹ́nu. Ó sì lè jẹ́ pé àwọn náà yóò yíjú sí yín, wọn yóò sì béèrè ohun tí ẹ̀yin dì mú.